Ọkọ̀ Ogun Wo Ni Kí Ẹ Lọ Wò? Ìfiwéra Belfast, U-505, Intrepid àti Alabama

Bí ẹ bá wọ bọ́ọ̀sì láti Peckham tó ń gba orí Tower Bridge lọ sí òdìkejì odò, ẹ wo apá òsì. Ọkọ̀ gígùn tí wọ́n kùn ní àbùlé-àbùlé ọ̀dà eérú àti búlúù tó dúró sínú Thames yẹn ni HMS Belfast. Àwọn ará wa tó ti pẹ́ ní Lọ́ńdọ̀nù ti rí i títí ojú wọn fi mọ́ ọn lára, ọ̀pọ̀ nínú wọn kò sì wọ inú rẹ̀ rí. Bẹ́ẹ̀ náà ló rí ní New York àti Chicago. Ọkọ̀ tó ja Ogun Àgbáyé Kejì wà ní ìlú, owó ìwọlé lásán ni ẹ fi máa rìn nínú rẹ̀.

Ṣùgbọ́n ọkọ̀ kan ṣoṣo kò lè fi gbogbo ogun orí òkun hàn yín. Ogun àgbá yàtọ̀, ogun bàálù yàtọ̀, ti abẹ́ omi tún yàtọ̀ sí méjèèjì. Ẹni tó bá fẹ́ mọ bí wọ́n ṣe ń fi tọ́pídò, bọ́ǹbù tó ń sáré nínú omi, ṣọdẹ, tó wá lọ wo ọkọ̀ tó ń gbé bàálù, àtẹ̀gùn ni yóò gùn títí tí yóò fi padà sílé. Ìdí nìyí tí a fi gbé mẹ́rin kalẹ̀ níbí, tí a fi ọ̀kan wé èkejì. Mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ló wà níbi tí aráàlú lè wọ̀.

Ẹ kọ́kọ́ béèrè ọdún tó dúró sí

Ohun tó ń ṣi àlejò lọ́nà jù nìyí. Ọkọ̀ ogun kì í wà bí wọ́n ṣe kàn án. Ó lè ṣiṣẹ́ fún ogún tàbí ọgbọ̀n ọdún, gbogbo ìgbà tó bá sì wọ ibi àtúnṣe ni wọ́n máa yọ nǹkan kan kúrò, tí wọ́n á fi òmíràn rọ́pò rẹ̀. Ọkọ̀ tí ẹ gbọ́ pé ó ja ìjà 1944 lè jẹ́ ara ọdún 1960 ló máa fi hàn yín.

Intrepid bá Japan jà ní 1944 àti 1945, àmọ́ pẹpẹ tí bàálù ń bà sí tí ẹ máa tẹ̀ lónìí, àtúnṣe àwọn ọdún 1950 ló sọ ọ́ dà bẹ́ẹ̀. Belfast náà gba ibi ìdarí ọkọ̀ tuntun láàárín 1956 sí 1959. Alabama ní tirẹ̀ fi iṣẹ́ sílẹ̀ ní oṣù kìíní ọdún 1947, kò tíì pé ọdún márùn-ún tó bẹ̀rẹ̀, ẹnikẹ́ni kò sì ráyè yí i padà. U-505 ṣíwọ́ ogun lọ́jọ́ tí wọ́n mú un lẹ́rú ní 1944. Bí ó bá jẹ́ ojú Ogun Àgbáyé Kejì gan-an ni ẹ fẹ́ fi kan, méjì ìkẹyìn yìí ló ṣe é gbára lé.

| | HMS Belfast | U-505 | USS Intrepid | USS Alabama |
|---|---|---|---|---|
| Ibi tó wà | Lọ́ńdọ̀nù, odò Thames | Chicago, nínú ilé | New York, odò Hudson | Mobile, ìpínlẹ̀ Alabama |
| Irú ọkọ̀ | krúsà | ọkọ̀ abẹ́ omi | ọkọ̀ agbébàálù | battleship |
| Ọdún tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ | 1939 | 1941 | 1943 | 1942 |
| Gígùn | mítà 187 | mítà 77 | mítà 266 | mítà 207 |
| Eré ní wákàtí kan | kìlómítà 59 | 34 lójú omi, 13 lábẹ́ omi | kìlómítà 61 | kìlómítà 51 |
| Ohun ìjà gidi | àgbá 12, ẹnu 152 mm | tọ́pídò 22 | bàálù bí 90 | àgbá 9, ẹnu 406 mm |
| Ìgbà tí ẹ máa bá a | òpin ọdún 1950 | 1944 | àwọn ọdún 1960 | 1945 |

Belfast: bí ọkọ̀ ṣe ń mí

Krúsà ni Belfast, èyí ni pé kò tóbi tó battleship (ọkọ̀ ogun ńlá tí irin rẹ̀ nípọn, tó ń gbé àgbá ńláńlá), ó sì yá ju ú lọ. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó máa wá ọ̀tá kiri, kó dáàbò bo àwọn ọkọ̀ ọjà, kó sì lè bá ohun tó bá bá pàdé jà. Ohun tó fi ju àwọn mẹ́ta tó kù lọ fún àlejò ni pé àjà mẹ́sàn-án rẹ̀ ló ṣí sílẹ̀, láti ibi ìdarí lókè títí dé yàrá ẹ̀rọ tó wà nísàlẹ̀ ojú omi. Bí ẹ bá fẹ́ mọ bí ọkọ̀ ogun ṣe ń ṣiṣẹ́ lódindi, ibí ni kí ẹ wá.

Ẹ bẹ̀rẹ̀ láti ìsàlẹ̀, kí ẹsẹ̀ tó rẹ̀ yín. Bọ́ílà mẹ́rin ló ń sọ omi di ooru, ooru yẹn ló ń yí tọ́báìnì mẹ́rin, tọ́báìnì sì ń yí propela mẹ́rin. Wọn kò kó gbogbo bọ́ílà sójú kan. Yàrá bọ́ílà kan, yàrá ẹ́ńjìnì kan, bọ́ílà, ẹ́ńjìnì, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n tò wọ́n tẹ̀ léra, kí ọta kan tàbí tọ́pídò kan má bàa pa gbogbo agbára ọkọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà.

Kí ẹ tó dé iwájú bọ́ílà, ẹ máa gba yàrá kékeré kan tó ní ilẹ̀kùn méjì kọjá. Àwọn àlejò a máa sáré kọjá níbẹ̀. Ẹ dúró, kí ẹ wò ó. Nígbà tí ọkọ̀ ń ṣiṣẹ́, fáànù ńláńlá ló ń fẹ́ atẹ́gùn sínú yàrá bọ́ílà kí epo lè jó dáadáa, torí náà atẹ́gùn inú ibẹ̀ lágbára ju ti ìta lọ. Bí ẹnì kan bá ṣí ilẹ̀kùn méjèèjì pa pọ̀, atẹ́gùn yẹn á tú jáde, iná inú bọ́ílà á yíjú padà síta, á sì jó àwọn tó dúró níwájú rẹ̀. Èkíní gbọ́dọ̀ tì gbọn-in kí èkejì tó ṣí. Ilẹ̀kùn méjì lásán, àmọ́ ẹ̀mí àwọn òṣìṣẹ́ yàrá yẹn wà lọ́wọ́ wọn lójoojúmọ́.

Lẹ́yìn náà kí ẹ tẹ̀ lé ọta lọ sókè. Ọta àgbá Belfast kan wúwo tó kìlógírámù 51, bí àpò sìmẹ́ǹtì kan. Láti ilé ọta nísàlẹ̀ ni ẹ̀rọ ti ń gbé e gòkè lọ sí ilé àgbá, àgbá mẹ́ta-mẹ́ta ló sì wà nínú ilé àgbá kọ̀ọ̀kan. Ó lè ju ọta dé nǹkan bí kìlómítà 23. Láti jẹ́ kó yé àlejò, wọ́n dojú àgbá mẹ́fà tó wà níwájú kọ ibi ìsinmi àwọn awakọ̀ tí wọ́n ń pè ní London Gateway lójú ọ̀nà M1, ní nǹkan bí kìlómítà 20 sí ibẹ̀. Ẹ dúró lẹ́yìn àgbá náà, kí ẹ wo ọ̀kánkán ibi tó kọjú sí: ilé ni ẹ máa rí, ilé lórí ilé. Kò sí afìbọnjà tó ń fojú rí irú ibi bẹ́ẹ̀. Ìṣirò àti rédà, ẹ̀rọ tó ń fi ìgbì rédíò rí ohun tó wà lókèèrè, ni wọ́n ń bá yìn ín.

Rédà yìí ló jẹ́ kí Belfast lórúkọ. Ní ọjọ́ kejì Kérésìmesì ọdún 1943, ní àríwá Norway, nínú òkùnkùn àti yìnyín, Belfast pẹ̀lú Norfolk àti Sheffield, krúsà Gẹ̀ẹ́sì méjì mìíràn, fi rédà rí Scharnhorst, ọkọ̀ Jámánì tí àgbá rẹ̀ tóbi fíìfíì ju tiwọn lọ. Ọta Norfolk bá rédà Scharnhorst, ó sì fọ́ ọ. Láti ìgbà yẹn, afọ́jú ni Scharnhorst nínú yìnyín. Belfast tọ̀ ọ́ lẹ́yìn láti òkèèrè, ó ń fi ibi tó wà ránṣẹ́ sí Duke of York, battleship Gẹ̀ẹ́sì tó ń bọ̀, títí tí ìyẹn fi dé. Nínú èèyàn 1,968 tó wà nínú Scharnhorst, 36 péré ni wọ́n rí yọ nínú omi. Ẹ fi iye yẹn sọ́kàn nígbà tí ẹ bá dé yàrá rédà.

Ohun tó fẹ́rẹ̀ẹ́ pa Belfast fúnra rẹ̀ kò ní àgbá rárá. Ní ọjọ́ 21 oṣù kọkànlá ọdún 1939, kò tíì pé oṣù mẹ́rin lẹ́nu iṣẹ́, bọ́ǹbù tí ọkọ̀ abẹ́ omi Jámánì kan dẹ sínú Firth of Forth ní Scotland bú lábẹ́ rẹ̀. Irú bọ́ǹbù yìí kò dúró kí ọkọ̀ fara kàn án. Ó ń mọ̀ bí irin ńlá bá kọjá lókè òun, nítorí ara irin ọkọ̀ máa ń ṣe bí òòfà. Ihò tó dá sára Belfast kò tó nǹkan. Jìgìjìgì rẹ̀ ló ṣe é lọ́ṣẹ́: omi gbé ọkọ̀ sókè, ó sì sọ ọ́ kalẹ̀, irin tó jẹ́ ògóóró ẹ̀yìn rẹ̀ ṣẹ́, àwọn ẹ̀rọ sì yẹ̀ lórí ìjókòó wọn. Ọdún mẹ́ta ni wọ́n fi tún un ṣe. Ọjọ́ méjì lẹ́yìn ìjàǹbá yẹn ni John Ouvry, ọmọ ogun ojú omi Gẹ̀ẹ́sì, tú irú bọ́ǹbù náà palẹ̀ lórí ẹrẹ̀ ní Shoeburyness, tí wọ́n fi mọ àṣírí rẹ̀. Wáyà iná tí wọ́n ń yí po ọkọ̀ láti pa òòfà ara rẹ̀ ni wọ́n fi gba ọ̀pọ̀ ọkọ̀ sílẹ̀ lẹ́yìn ìgbà náà.

Fún àwa, ìdí mìíràn tún wà láti wo Belfast. Krúsà kan wà tó ń jẹ́ HMS Nigeria, tí wọ́n sọ ní orúkọ ilẹ̀ wa nígbà tí Gẹ̀ẹ́sì ń ṣàkóso. Ó kéré sí Belfast díẹ̀, àmọ́ àgbá 12 tí ẹnu wọn jẹ́ 152 mm lòun náà gbé, mẹ́ta-mẹ́ta nínú ilé àgbá mẹ́rin. Ní oṣù kẹfà ọdún 1941, òun àtàwọn ọkọ̀ kan lé Lauenburg bá, ọkọ̀ Jámánì tó ń wo ojú ọjọ́ ní òkun àríwá, wọ́n sì kó ìwé àrokò rẹ̀. Ní oṣù kẹjọ ọdún 1942, ọkọ̀ abẹ́ omi Ítálì tó ń jẹ́ Axum fi tọ́pídò lù ú lọ́nà Malta. Ó yè é, wọ́n tà á fún India lẹ́yìn ogun, ó di INS Mysore ní 1957, wọ́n sì ti tú u ta ní irin. Ẹni tó bá fẹ́ mọ bí inú Nigeria ṣe rí, Belfast ló sún mọ́ ọn jù.

Ìṣòro Belfast ni àtẹ̀gùn. Wọ́n dúró ṣánṣán, wọ́n tẹ́ẹ́rẹ́, irin sì ni wọ́n. Màmá tí orúnkún ń dùn lè wo òkè nìkan, kò sì ní rí ìdajì ohun tó wà níbẹ̀. Ẹ má wọ bàtà gíga, ẹ má wọ ìró. Ẹ fi wákàtí mẹ́ta sílẹ̀.

U-505: ọdẹ tó wá sí etíkun Áfríkà

Ọkọ̀ abẹ́ omi Jámánì ni. Nínú àwọn mẹ́rin yìí, òun nìkan ló ti wá dọdẹ nítòsí wa. Láàárín oṣù kejì sí oṣù karùn-ún ọdún 1942, ó wà ní ìta Freetown, níbi tí àwọn ọkọ̀ ọjà tó ń bọ̀ láti ìsàlẹ̀ Áfríkà ti máa ń kóra jọ kí wọ́n tó forí lé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Mẹ́rin ló rì nínú ìrìn àjò yẹn.

Kí ẹ tó wọ inú rẹ̀, ẹ mú èrò yìí kúrò lọ́kàn pé abẹ́ omi ló ń gbé. Ọkọ̀ ojú omi tó lè rì sísàlẹ̀ fúngbà díẹ̀ ni. Lójú omi, ẹ́ńjìnì dísẹ́ẹ̀lì ló ń gbé e lọ. Lábẹ́ omi, dísẹ́ẹ̀lì kò lè ṣiṣẹ́ torí kò sí atẹ́gùn, bátìrì ni wọ́n ń lò. Bí ó bá rọra ń lọ ní kìlómítà 7 ní wákàtí kan, kò lè ju nǹkan bí kìlómítà 117 lọ kí bátìrì tó tán. Lẹ́yìn náà, ó di dandan kó yọ jáde, bí bàálù ọ̀tá wà lókè tàbí kò sí. Nígbà tí àwọn Amẹ́ríkà àti Gẹ̀ẹ́sì fi rédà sínú bàálù, yíyọ jáde yìí gan-an ló ń pa wọ́n.

Ní ọjọ́ 4 oṣù kẹfà ọdún 1944, ní ìta Cape Blanco ní ìwọ̀ oòrùn Áfríkà, ẹgbẹ́ ọkọ̀ Amẹ́ríkà tí Captain Daniel Gallery ń darí lé U-505 jáde. Ìtọ́kọ̀ rẹ̀ ti há, ó ń yí po lójú kan bí adìẹ tó ti gba òkò lórí. Àwọn atukọ̀ rẹ̀ ṣí omi sínú ọkọ̀ kó lè rì, wọ́n sì bẹ́ sódò. Albert David àtàwọn mélòó kan láti inú USS Pillsbury wọ inú rẹ̀ láìmọ̀ bóyá bọ́ǹbù wà níbẹ̀. Zenon Lukosius, ọ̀kan nínú wọn, gbọ́ ìró omi tó ń ya wọlé. Asẹ́ omi òkun ló ṣí sílẹ̀, àwọn ará Jámánì sì ti yọ ìdérí rẹ̀. Àmọ́ wọn kò jù ú sínú òkun, ẹ̀gbẹ́ ibẹ̀ ni wọ́n fi í sí. Lukosius mú un, ó dé e padà, ó sì dè é. Bí wọ́n bá ti mú ìdérí yẹn dání nígbà tí wọ́n ń bẹ́, ìsàlẹ̀ òkun ni U-505 ì bá wà lónìí. Bí ẹ bá wọ inú rẹ̀, ẹ ní kí ẹni tó ń mú yín kiri fi ibi asẹ́ náà hàn yín.

Èrè tó wà nínú rẹ̀ ni ẹ̀rọ Enigma àtàwọn ìwé tí Jámánì fi ń pa àrokò. Bí Jámánì bá gbọ́ pé wọ́n ti mú ọkọ̀ yìí, wọ́n á yí àrokò padà lọ́jọ́ kejì, ó sì ku ọjọ́ méjì kí àwọn ọmọ ogun Amẹ́ríkà àti Gẹ̀ẹ́sì gúnlẹ̀ sí Normandy ní ilẹ̀ Faransé. Nítorí èyí, wọ́n pa gbogbo ẹgbẹ́ Gallery lẹ́nu mọ́, wọ́n sì fi àwọn 58 tó yè nínú atukọ̀ U-505 pamọ́ sí Camp Ruston ní Louisiana, láìjẹ́ kí ẹnikẹ́ni nílé wọn mọ̀ pé wọ́n wà láàyè títí ogun fi parí.

Inú ilé ni U-505 wà, nínú ilé ọnà ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì ní Chicago, kò sí òjò, kò sí oòrùn. Ilẹ̀ tó tẹ́jú ni ẹ fi máa rìn yí i ká, torí náà ó rọ̀ àgbàlagbà lọ́rùn ju Belfast lọ. Ohun tí ó kù díẹ̀ káàtó ni pé àyè inú rẹ̀ há, ìrìn inú rẹ̀ kì í pẹ́, tikẹ́ẹ̀tì rẹ̀ sì yàtọ̀ sí ti ẹnu ọ̀nà. Ẹ rà á kí ẹ tó jáde nílé. Ẹni tí àyè tó há máa ń fún láyà, kó dúró síta. Ìta náà tó wò.

Intrepid: ẹ máa ṣọ́ ohun tí ẹ ń wò

A kò ní fi pamọ́ pé Intrepid ni àwọn ọmọdé fẹ́ràn jù, òun náà ló sì rọrùn jù láti ṣì wò. Bàálù kún orí rẹ̀. Concorde, bàálù èrò tó ń sáré ju ìró lọ, wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Enterprise, ọkọ̀ òfurufú tí wọ́n fi dán ọkọ̀ ojú sánmọ̀ wò, wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Kí ẹ tó dé orí ọ̀rọ̀ ogun, oòrùn ti wọ̀.

Ohun tó yẹ kí ẹ wá níbẹ̀ ni ìdí tí ọkọ̀ agbébàálù fi gba ipò lọ́wọ́ battleship. Àgbá tó tóbi jù ní Amẹ́ríkà nígbà náà kò lè ju ọta kọjá nǹkan bí kìlómítà 39. Bàálù Intrepid lè fò kìlómítà ọgọ́rùn-ún mẹ́ta kó ju bọ́ǹbù, kó sì padà. Ìyẹn nìkan ló tó.

Àmọ́ ọkọ̀ tó kún fún epo bàálù àti bọ́ǹbù, ilé iná ni. Orí Intrepid, pákó ni wọ́n tò sí i. Ní ọjọ́ 25 oṣù kọkànlá ọdún 1944, bàálù Japan méjì tí awakọ̀ wọn fi ara wọn ṣe bọ́ǹbù ya lù ú, ó sì ju ọgọ́ta èèyàn lọ tó kú. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì fi irin bíi 76 mm ṣe orí ọkọ̀ agbébàálù tiwọn, irú ìlù bẹ́ẹ̀ kì í sì sábà wọ inú rẹ̀. Kí ló dé tí Amẹ́ríkà kò ṣe bẹ́ẹ̀? Ìwọ̀n. Irin lókè ń mú ọkọ̀ wúwo lórí, ó sì ń jẹ àyè bàálù. Illustrious, ọkọ̀ agbébàálù Gẹ̀ẹ́sì, nígbà tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ parí rẹ̀, bàálù bí 36 ló ń gbé, Intrepid ń gbé bí 90. Ohun tó wù wọ́n ni wọ́n yàn, méjèèjì sì san owó tirẹ̀.

Ẹ wo orí ọkọ̀ náà dáadáa: ọ̀nà tí bàálù ń gbà bà kò tọ́ gbọọrọ bí ti 1944, ó yà sápá òsì. Nígbà tó tọ́ gbọọrọ, bàálù tí ìkọ́ ìdí rẹ̀ kò bá mú okùn ìdádúró, iwájú ló máa fi lu àwọn bàálù tó wà nílẹ̀. Nígbà tí wọ́n yà á sápá kan, ẹni tó bá tàsé okùn á kàn tẹ iná, á tún gbéra, á wá padà. Gẹ̀ẹ́sì ló dá ọgbọ́n náà.

Ìtàn kan tún wà tí a fẹ́ kí ẹ mú lọ sí ìdí ọkọ̀. Ní oṣù kejì ọdún 1944, tọ́pídò láti inú bàálù Japan lu ìtọ́kọ̀ Intrepid, ó sì há. Wọ́n fi ẹ́ńjìnì apá kan sáré ju èkejì lọ kí ọkọ̀ lè máa tọ́, àmọ́ nígbà tí atẹ́gùn le, imú ọkọ̀ ń yíjú sí ọ̀nà Tokyo. Àwọn atukọ̀ bá rán aṣọ àgọ́ àti ìbòrí pọ̀, wọ́n ta á síwájú ọkọ̀ bí ìgbòkun, ọkọ̀ tó gùn ní mítà 266! Ìgbòkun náà bá wọn mú imú ọkọ̀ dúró, wọ́n sì gúnlẹ̀ sí Pearl Harbor.

Lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ ni Growler wà, ọkọ̀ abẹ́ omi ọdún 1958 tó ń gbé mísáìlì Regulus. Ó gbọ́dọ̀ yọ jáde kó tó lè yìn ín. Ẹni tó ti wo U-505 máa rí i pé ìṣòro kan náà ṣì ni.

Alabama: àgbá àti irin

Bí àgbá bá ni tiyín, Mobile ni kí ẹ lọ. Ọta Belfast jẹ́ àpò sìmẹ́ǹtì kan, ọta Alabama tó ń gún irin jẹ́ kìlógírámù 1,225: àpò sìmẹ́ǹtì 24 nínú ẹyọ kan. Ẹ̀tù rẹ̀ wà nínú àpò sílíkì mẹ́fà tí wọ́n ń tì sẹ́yìn ọta. Sílíkì, torí pé ó ń jó tán pátápátá. Bí èérún aṣọ tó ní iná bá kù nínú àgbá, ẹ̀tù tí wọ́n bá tún tì wọlé á gbiná kí wọ́n tó ti ìdí àgbá pa, á sì jó gbogbo ẹni tó wà nínú ilé àgbá. Nítorí náà ni wọ́n ṣe ń fẹ́ atẹ́gùn líle gba inú àgbá kọjá lẹ́yìn ọta kọ̀ọ̀kan. Ẹ wo ìdí àgbá náà tí ó ṣí sílẹ̀, ẹ máa rí ìlà yíyípo tó ń mú ọta yí bí òòyì. Irin tó bo iwájú ilé àgbá náà nípọn ní 457 mm, ó ju gígùn apá láti ìgúnpá dé ìka ọmọdé lọ.

Ọta ọ̀tá kò pa ẹnikẹ́ni nínú Alabama. Ìbọn tirẹ̀ ló pa àwọn èèyàn rẹ̀. Ní oṣù kejì ọdún 1944, lóru, nígbà tí bàálù Japan kọlù wọ́n, ilé àgbá kékeré kẹsàn-án yìnbọn lu ìkarùn-ún. Èèyàn márùn-ún kú, mọ́kànlá fara pa. Ilé àgbá 10 ni irú àgbá yìí wà, márùn-ún lọ́tùn-ún, márùn-ún lósì, wọ́n sún mọ́ra. Ẹ dúró láàárín wọn, ẹ máa rí bí ààyè ṣe kéré tó.

USS Drum, ọkọ̀ abẹ́ omi Amẹ́ríkà, wà lórí ilẹ̀ nínú ọgbà kan náà, owó ìwọlé kan lẹ fi ń rí méjèèjì. Lójú tiwa, ẹ̀kọ́ Drum ju ti Alabama lọ, nítorí Mark 14, tọ́pídò tí àwọn ọkọ̀ abẹ́ omi Amẹ́ríkà ń lò. Láti ìgbà tí ogun bẹ̀rẹ̀ ní 1941, àwọn ọ̀gá ọkọ̀ ń kígbe pé tọ́pídò wọn kò dára, àwọn tó ṣe é ń sọ pé àwọn atukọ̀ ni kò mọ̀ ọ́n ta. Àléébù mẹ́ta ló wà nínú rẹ̀, ọ̀kan bo èkejì mọ́lẹ̀. Ìkíní, ó ń lọ nísàlẹ̀ ju ibi tí wọ́n ní kó gbà, ní bí mítà mẹ́ta, ó sì ń kọjá lábẹ́ ọkọ̀ ọ̀tá. Orí tó fúyẹ́ ni wọ́n fi dán an wò, orí tó ní bọ́ǹbù sì wúwo jù ú lọ. Wọ́n ta á gba inú àwọ̀n kọjá ní Albany, Australia, ní 1942, ihò inú àwọ̀n sì jẹ́rìí. Ìkejì, ẹ̀rọ òòfà rẹ̀ ń bú kó tó dé, tàbí kó má bú rárá. Ìkẹta ló burú jù: bí ó bá lu ọkọ̀ gbàgà ní ọ̀gangan, ìṣó tó yẹ kó tanná sí bọ́ǹbù máa ń wọ́ kó tó dé ibi tó ń lọ. Ẹni tó bá ta á dáadáa ni kò ní rí nǹkan. Ní oṣù keje ọdún 1943, Tinosa, ọkọ̀ abẹ́ omi Amẹ́ríkà, ta 15 sí ọkọ̀ kan, èyí tó pọ̀ jù nínú wọn lu ọkọ̀ náà wọn kò sì bú. Ìgbà tí wọ́n ta á lu àpáta ní Hawaii ni wọ́n tó rí ìṣó tó wọ́.

Bí ẹ bá ti dé Mobile, Africatown kò jìnnà. Ibẹ̀ ni àwọn tí ọkọ̀ Clotilda kó lẹ́rú wá ní 1860 tẹ̀ dó sí. Ọ̀kan nínú wọn ni Kossola, tí wọ́n ń pè ní Cudjo Lewis, ọmọ Yorùbá láti apá Bantè ní ilẹ̀ Benin òde òní. Ó kú ní 1935, ọdún méje kí Alabama tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Ẹ ya ọ̀sán kan sọ́tọ̀ fún un.

Èwo ni kí ẹ yàn?

Ọmọ tó fẹ́ di ẹnjiníà: Belfast, láìrò ó lẹ́ẹ̀mejì. Àgbàlagbà tí kò lè gun àtẹ̀gùn: U-505, kó wò ó láti ìta. Ọmọdé tó máa ń tètè sú: Intrepid, àmọ́ kí ẹ kọ́kọ́ wo abẹ́ pẹpẹ kí ẹ tó dé ìdí Concorde. Ẹni tó bá ní ọjọ́ kan péré láti fi wo àgbá àti abẹ́ omi pọ̀: Mobile. Ní Mobile, ẹ bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú Drum láàárọ̀, torí irin tí oòrùn pa títí di ọ̀sán nínú ẹ̀ẹ̀rùn ibẹ̀ kì í ṣe ohun tí èèyàn ń wọ inú rẹ̀.

Ẹ̀yin tó wà ní Houston máa béèrè USS Texas, battleship ọdún 1914, òun nìkan ló kù nínú irú rẹ̀. Ara rẹ̀ ti dógùn-ún débi pé fífa omi kúrò nínú rẹ̀ di iṣẹ́ ojoojúmọ́, wọ́n sì wọ́ ọ lọ sí Galveston fún àtúnṣe ní 2022. Ẹ rí i dájú pé ó ti ṣí kí ẹ tó wakọ̀ lọ. Bí kò bá tíì ṣí, nǹkan bí kìlómítà 750 ni Mobile sí yín, ọ̀nà I-10 ló gbé yín débẹ̀ tààrà.